Ìwé Ẹ̀rí Tí Mo Fi Dógò

Sí Isakkiammal, ọmọ mi ọ̀wọ́n,

Mo kí ọ láti Tirunelveli. Mo lérò pé ara rẹ le, pé ikọ́ tí òwú ilé iṣẹ́ aṣọ Tiruppur yẹn dá sí ọ lára ti ń rọlẹ̀. Ara tèmi náà le. Orúnkún nìkan ló ń ṣe bí ẹni pé kì í ṣe tèmi.

A jàre. Ní ọjọ́ Ìṣẹ́gun ọ̀sẹ̀ tó kọjá, ilé ẹjọ́ gíga ní Madurai pàṣẹ pé kí ilé ẹ̀kọ́ nọ́ọ̀sì dá gbogbo ìwé ẹ̀rí rẹ padà. O lè forúkọ sílẹ̀ bíi nọ́ọ̀sì báyìí, kí o sì fi gígé òwú tó yọ lára ṣẹ́ẹ̀tì sílẹ̀. Ẹgbẹ̀rún lọ́nà ọgọ́ta rúpì owó ilé ẹ̀kọ́ tí a jẹ wọ́n ṣì wà lọ́rùn wa. Adájọ́ ní bí wọ́n bá fẹ́ gbà á, kí wọ́n pe ẹjọ́ tiwọn lọ́tọ̀. Rúpì mẹ́wàá ni mo ń lọ aṣọ kan. Ẹgbẹ̀rún mẹ́fà aṣọ nìyẹn, láìtíì ka owó èédú inú áyọ́ọ̀nù. Arulselvi, lọ́yà wa, kò gba nǹkan kan lọ́wọ́ mi. Ìjọba ló ń sanwó rẹ̀.

Ọ̀rọ̀ kan wà tí n kò sọ fún ọ. Ó ti pé ọdún méjì tí o ti ń bú Thangadurai, akọ̀wé ilé ẹ̀kọ́, pé ó jí ìwé ẹ̀rí rẹ tì mọ́ kọ́bọ́ọ̀dù. Kò jí i. Èmi ni mo fi dógò. Nígbà tí ìyá rẹ kú, ilé ìwòsàn ti gba gbogbo owó ọwọ́ wa, ilé ẹ̀kọ́ sì ní o kò ní ṣe ìdánwò bí a kò bá san owó wọn. Mo lọ bá akọ̀wé láìsọ fún ọ. Ẹ̀wọ̀n góòlù ìyá rẹ ti wà lọ́dọ̀ ẹni tó ń gba ìdógò. Láti kékeré ni mo ti mọ̀ pé ẹni tó jẹ gbèsè gbọ́dọ̀ fi nǹkan sílẹ̀ kí ojú má bàa tì í. Mo ní kí wọ́n mú ìwé ẹ̀rí tí wọ́n gbà nígbà tí o wọlé dání, kí wọ́n sì fi tuntun tí o bá gbà lẹ́yìn ìdánwò kún un títí n ó fi san tán. Mo fọwọ́ sí bébà. Mo gbórí sókè jáde níbẹ̀.

Bébà yẹn ni lọ́yà wọn nà sókè ní kóòtù. Thangadurai yíjú sí mi, ó ní, "Bàbá, ṣebí ẹ̀yin lẹ bẹ̀ mí pé kí n bá yín tọ́jú ẹ̀?" Àwọn èèyàn rẹ́rìn-ín. Adájọ́ kà á lẹ́ẹ̀mejì, ó bi mí pé ta ló ṣe ìdánwò. Mo ní ọmọ mi ni. Ó ní, "Ìwé ẹ̀rí kì í ṣe ẹ̀wọ̀n góòlù, bàbá. Ọmọ yín ló ni ín. Ẹ fi ohun tí kì í ṣe tiyín dógò, àwọn wọ̀nyí náà sì gbà á."

Mo gba àwọn ìwé ẹ̀rí náà ní ọjọ́ Àbámẹ́ta. Bébà márùn-ún, kò sí èyí tó ya. Petchi tó ń ta tíì nítòsí ibi tí mo ti ń lọṣọ ní, "Ẹ̀gbọ́n, tẹ́ ẹ bá fi ránṣẹ́, ìgbà wo lẹ tún máa rí i? Ẹ fi í pamọ́. Tó bá nílò ẹ̀, á wálé." Ọ̀rọ̀ náà dùn mọ́ mi, n kò ní purọ́. Ọdún ìkórè Pongal méjì ni mo ti fi ìrẹsì ife kan ṣoṣo ṣe, èmi nìkan. Mo tì wọ́n mọ́ àpótí, sábẹ́ aṣọ ìyá rẹ, fún ọjọ́ mẹ́ta. Ní òwúrọ̀ ọjọ́ kẹrin ni mo rí i pé mo tún ti fi wọ́n dógò, pé ìwọ sì ni gbèsè tí mo fẹ́ gbà.

Nítorí náà, wọ́n wà nínú àpò ìwé yìí. Rúpì méjìdínlọ́gọ́rin ni wọ́n gbà ní pósófíìsì. N kò bá wọn ná an. Lọ síbi tí iṣẹ́ bá ti pè ọ́, ìbáà jẹ́ òkè òkun. Bí inú bá bí ọ sí mi, o ní ẹ̀tọ́.

Ọwọ́ tí o máa fi tọ́jú aláìsàn kò ní rọ. Ibi tí o bá dé, wọn yóò ṣí àyè fún ọ. Ìyá rẹ kò ní sùn lórí ọ̀rọ̀ rẹ.

Èmi ni bàbá rẹ,
Sudalaimuthu

Mo tún rántí: owó ọkọ̀ láti Tiruppur dé ibí ti di irínwó rúpì. Mo bi kọ́ńdọ̀ nígbà tí mo ń bọ̀ láti kóòtù. Mo kàn fẹ́ mọ̀ ni.