Alhaja Medinat Àjíkẹ́ Sàlàkọ́: Ẹni Tó Fi Àwọ̀ Ewé Wá Ojú Ìyá Rẹ̀

Ìjẹ̀bú-Igbó ni a bí Alhaja Medinat Àjíkẹ́ Sàlàkọ́ sí lọ́dún 1956. Alfa Bákàrè ni bàbá wọn. Ràbíátù, aláró, ni ìyá wọn. Ọjọ́ tí a bí wọn gan-an ni Ràbíátù dágbére fáyé. Kò ya fọ́tò rí. Ìyá bàbá wọn ló fi ògì àti àgbo wò wọ́n dàgbà.

Wọ́n ka ìwé mẹ́fà, wọ́n sì kọ́ṣẹ́ aránṣọ. Ọdún 1979 ni a so yìgì wọn àti Alhaji Ṣàmsúdéènì Sàlàkọ́. Ọdún 1988 ni wọ́n bá ọkọ wọn dé London. Ọkọ ń wa ọkọ̀ ẹrù ní Nathan Way, ìyàwó ń tọ́jú àwọn arúgbó láti ilé dé ilé ní Thamesmead. Àkọ́bí wọn ni wọ́n sọ ní Yéwándé, wọ́n gbà pé ìyá wọn ló padà wá. Bí ọmọ náà bá ti sùn, wọn a jókòó tì í, wọn a máa wo ojú rẹ̀.

Alhaji kú lọ́dún 2010, ilé dá páropáro. Yéwándé ló mú wọn lọ kọ́ àwòrán yíyà ní Woolwich. Kò pẹ́ tí wọ́n fi pa ọ̀dà rírà tì. Ewé, èso àti èèpo igi tí wọ́n ṣà ní Plumstead Common ni wọ́n ń sè, tí wọ́n ń pò mọ́ èlú, ewé aró, tí a fi ránṣẹ́ láti Ìjẹ̀bú. Yéwándé béèrè ìdí rẹ̀.

"Àwọ̀ tiwa kò sí nínú ike tí wọ́n ń tà," ni èsì wọn. "Aláró ni ìyá mi. Ó yẹ kí ọwọ́ tèmi náà dúdú."

Lọ́dún 2014, wọ́n pàtẹ àwòrán igi ní gbọ̀ngàn kan nítòsí Tavy Bridge: ìrókò ilé àti igi àjò, tí gbòǹgbò wọn lọ́ mọ́ra. Àwòrán ojú èèyàn tí wọ́n ń yà láti fi wá ojú ìyá wọn, inú yàrá ló ń gbé, nítorí àwọn kan ní mọ́sálásí sọ pé yíya èèyàn kò tọ́. Alhaja kò bá ẹnikẹ́ni jà. Ìrun wọn kò yẹ̀, wọ́n sì ń kọ́ àwọn obìnrin mọ́sálásí ní aṣọ rírán láìgba kọ́bọ̀.

Lọ́dún 2016, Màmá Títílọlá, àbúrò Ràbíátù, wá kí wọn láti ilé. Alhaja kó gbogbo ojú tí wọ́n ti yà jáde. Màmá wò wọ́n lọ́kọ̀ọ̀kan.

"Medinat, kò sí èyí tó jọ ìyá rẹ."

Alhaja kó wọn sẹ́gbẹ̀ẹ́ kan. Wọ́n gbé bébà tuntun. "Ẹ máa júwe rẹ̀ fún mi, Àǹtí. Níbo ni kí n ti bẹ̀rẹ̀?"

"Iwájú orí rẹ̀ fẹ̀ díẹ̀."

Báyìí ni Màmá ń júwe, tí Alhaja ń yà, wọ́n ń pa á rẹ́, wọ́n ń tún un yà. Nígbà tí Màmá padà sílé, orí fóònù ni wọ́n ti ń bá a lọ.

Àìsàn kò jẹ́ kó parí. Nígbà tí Alhaja jẹ́ ìpè Ọlọ́run ní oṣù kọkànlá ọdún 2018, ẹyinjú nìkan ló kù láti yà lára àwòrán náà. Yéwándé pe Màmá Títílọlá láti sọ ohun tó ṣẹlẹ̀, ó sì béèrè bóyá kí àwọn wá ayàwòrán mìíràn tí yóò parí rẹ̀. Màmá sunkún pẹ́ kí wọ́n tó dáhùn.

"Ẹ fi sílẹ̀ bẹ́ẹ̀. Ó ti lọ rí ìyá rẹ̀ fúnra rẹ̀."

Àwọn tí Alhaja fi sáyé lọ ni Yéwándé àti Naheem, àwọn ọmọ wọn. Anisah, Irfan àti Habeebah, àwọn ọmọ-ọmọ wọn. Pẹ̀lú Màmá Títílọlá, tí ọ̀fọ̀ yìí dùn jọjọ.

Àjíkẹ́, ọmọ aláró, kí Ọlọ́run forí jìn yín, kó sì tẹ́ Àlùjánnà fún yín. Kí ìyá tí kò ráyè pọ̀n yín rí, kó pọ̀n yín lónìí. Ẹ sùn ire.