Ta Ló Yọ Rìlé Fáànù?

Ọ̀gá mẹkáníìkì tí ò kọ́ṣẹ́, má tíì jókòó.

Ògbólógbòó ọkọ̀ Bàbá hó láàárọ̀ yìí bí mo ṣe ń gbé Màmá lọ sọ́dọ̀ dókítà ojú. Èéfín bò wá. Màmá rò pé iná ló sọ, ni wọ́n bá fò jáde kí n tó dúró tán.

Rewáyà, oníṣẹ́ iná ọkọ̀, tó yẹ ọkọ̀ wò bú sẹ́rìn-ín. Ó ní rìlé tó ń gbé iná fún pọ́ǹpù epo ló kú, ni ẹnì kan bá yọ ti fáànù fi rọ́pò rẹ̀, ó wá ki òkú rìlé sójú ihò fáànù. Abájọ tó o fi ń fọ́nnu ní Sátidé pé ìwọ lo jí ọkọ̀ dìde! O ò sì sọ fẹ́nì kankan pé fáànù tó ń mú ẹ́ńjìnnì tutù ò ní yí mọ́. Ọgbọ́n àgbọ́njù ló ń pa òdù ọ̀yà. Tìẹ ì bá pa ìyá tó bí wa.

Rìlé tuntun ló wà nínú ọ̀rá tí mo lẹ ìwé yìí mọ́. Mi ò jẹ́ kí rewáyà fi sí i. Ẹni tó bà á jẹ́ ni yóò tún un ṣe. Fi tuntun fún pọ́ǹpù, dá ti fáànù padà sáyè rẹ̀, kó o sì dúró ti ọkọ̀ títí fáànù yóò fi yí lójú rẹ. Èmi ẹ̀gbọ́n rẹ ti fẹsẹ̀ rìn lọ síbi iṣẹ́.

Màmá ní kí n má bú ọ, pé o ṣáà gbìyànjú. Ẹsẹ̀ wọn tó wú látìgbà tí wọ́n ti fò jáde lọ́kọ̀ wà nínú omi bí wọ́n ṣe ń sọ ọ́.