Àwọn Akẹtẹ̀ Tí Mo Fi Ránṣẹ́ sí Ìyá Mi

Èmi, Eusebio Barragán Luna, ọmọ abúlé San Jerónimo del Mezquite, òṣèré sinimá ní Ìlú Mẹ́síkò, ni mo fi ọwọ́ ara mi kọ ìwé ìhágún yìí. Orí mi pé. Mi ò mutí láti àárọ̀. Ọmọ ọdún mọ́kàndínlọ́gbọ̀n ni mí, àìsàn kankan ò sì ṣe mí. Ìdí tí mo fi ń kọ ọ́ ni pé lọ́la ni èmi àti Canelo, ẹṣin mi, máa sáré gba orí afárá tí iná ń jó kọjá, kí wọ́n lè yà á sínú fíìmù. Olùdarí eré fẹ́ háyà ẹlòmíì. Mo kọ̀. Canelo kì í gbọ́ràn sí ẹlòmíì lẹ́nu.

1. Leandro Montalvo, ọ̀rẹ́ mi, ni mo yàn láti mú ohun tí ó wà nínú ìwé yìí ṣẹ.

Òun ni akọni nínú gbogbo fíìmù wa, èmi ni ọ̀rẹ́ akọni. Ọ̀rẹ́ akọni a pa àwọn èèyàn lẹ́rìn-ín, a jẹ oúnjẹ akọni, ìbọn a sì bà á kí eré tó parí. Leandro á wá mú akẹtẹ̀ mi nílẹ̀, á fi bò mí lójú, àwọn òǹwòran á máa sunkún. Mo fẹ́ràn iṣẹ́ yìí. Nígbà tí ara Leandro ò yá, wọ́n ní kí n bọ́ sí ipò rẹ̀. Mo ní kí wọ́n dúró dè é. Wọ́n dúró. Leandro ń bẹ̀rù ẹṣin. Nígbàkígbà tí ẹ bá rí ẹ̀yìn rẹ̀ lórí ẹṣin nínú fíìmù, ẹ̀yìn mi lẹ rí. Kí ọ̀rọ̀ yìí má jáde láàárín wa.

2. Bí Canelo bá là á já tí èmi ò là á já, kí wọ́n fi òun àti gàárì rẹ̀ fún Fidencio, ẹ̀gbọ́n mi. Kò gbọdọ̀ fi í túlẹ̀.

Ọjọ́ tí mo kúrò nílé, Fidencio dúró lẹ́nu ọ̀nà bọ́ọ̀sì, ó pariwo lójú gbogbo ayé pé, "Ìwọ ọ̀lẹ yìí, ta ló máa sanwó láti wo ojú ẹ?" Mo ní, "Ẹ̀yin náà ni." Nígbà tí fíìmù mi àkọ́kọ́ dé abúlé, ó sanwó, ó jókòó síwájú. Kò tíì sọ nǹkan kan fún mi nípa rẹ̀ dòní, ṣùgbọ́n mo gbọ́ pé ó máa ń kígbe mọ́ ẹnikẹ́ni tó bá ń sọ̀rọ̀ nígbà tí mo bá yọjú.

3. Yàrá méjì tí mo kọ́ sẹ́yìn ilé bàbá wa di ti ìyá mi, Doña Cleofas.

Ní abúlé wa, ọkùnrin tó ń gbé sinimá kiri máa ń ta aṣọ funfun sáàárín igi méjì níwájú ṣọ́ọ̀ṣì. Àwọn tó sanwó á jókòó síwájú, àwọn tí kò lówó á jókòó sẹ́yìn aṣọ. Mo ń fowó ìjókòó ránṣẹ́ sí ìyá mi, síbẹ̀ ẹ̀yìn ló ń jókòó sí, níbi tí ọ̀tún ti di òsì. Ní Kérésì tí mo lọ sílé, ó tẹjú mọ́ ọwọ́ mi bí mo ṣe ń jẹ tamales, oúnjẹ àgbàdo tí a fi ewé dì.

"Eusebio, ta ló kọ́ ẹ láti máa fi ọwọ́ òsì yìnbọn?"

"Ìyá, ẹ wá máa jókòó síwájú."

"Kí n fi àwọn ọ̀rẹ́ mi sílẹ̀? Olórí kunkun!"

Nígbà àkọ́kọ́ tó rí mi tí mo kú, ó sáré lọ bá Fadá, wọ́n lu agogo òkú. Láti ìgbà náà la ti jọ ṣàdéhùn. Bí wọ́n bá ti pa mí nínú fíìmù, n ó fi akẹtẹ̀ tí mo dé kú rán awakọ̀ bọ́ọ̀sì sí i kí fíìmù náà tó dé ọ̀dọ̀ wọn. Á gbé e kọ́ ara ògiri, á sì lọ wo ikú mi pẹ̀lú ìfọ̀kànbalẹ̀. Á ní, "Ẹ yéé sunkún jàre, akẹtẹ̀ rẹ̀ ti délé."

4. Gìtá mi di ti Amparo Villaseñor, aránṣọ wa.

Òun ló ń dá ihò ìbọn sí ẹ̀wù mi, òun náà ló ń dí i. Á ní, "Máa kú lọ, aṣọ ló ń jìyà." Mo ní ọ̀rọ̀ kan láti bá a sọ. Bí mo bá kọjá afárá, n ó sọ ọ́, n ó sì fi gìtá náà kọrin fún un. Bí n ò bá kọjá, ó ti mọ ọ̀rọ̀ náà.

5. Akẹtẹ̀ tí n ó dé lọ́la.

Amparo àti Leandro ti sọ fún mi pé, bí mo bá kú, àwọn á máa fi akẹtẹ̀ ránṣẹ́ lọ bẹ́ẹ̀, kí ọkàn ìyá mi lè balẹ̀. Mo mọ̀ pé ìfẹ́ ni. Irọ́ ni pẹ̀lú. Mi ò gbà. Mi ò parọ́ fún un rí, ẹ má bá mi bẹ̀rẹ̀ nígbà tí n ò bá sí nílé.

Bí mo bá kú, kí wọ́n má fi akẹtẹ̀ ọ̀la rán awakọ̀. Kí Leandro fúnra rẹ̀ mú un lọ́wọ́, kí ó wọ bọ́ọ̀sì, kí ó sì dúró lẹ́nu ọ̀nà ìyá mi. Ìyá mi mọ ẹni tó máa ń mú akẹtẹ̀ mi nílẹ̀. Leandro ò ní nílò láti sọ̀rọ̀. Kí ó jẹ ohunkóhun tí ìyá mi bá gbé fún un. Nígbà tí fíìmù afárá bá sì dé, kí ó bá a jókòó sẹ́yìn aṣọ.

Bí mo bá là á já, èmi fúnra mi ni n ó dé e wálé.

Mo fọwọ́ sí i: Eusebio Barragán Luna
Ìlú Mẹ́síkò, ọjọ́ kẹrìnlá oṣù kẹta, ọdún 1951

Àwọn ẹlẹ́rìí: Crisóforo Nava, olùtọ́jú ẹṣin, Baldomero Ruelas, atanná fíìmù