Alántakùn Inú Ògógóró

Yaba, Ọjọ́bọ̀, 1974

Bàbá ti mu ògógóró tí mo rẹ alántakùn ìdánwò mi sí. Ó gbé alántakùn náà mì pẹ̀lú. Àárọ̀ ọ̀la ni tíṣà fẹ́ rí i. Níbo ni kí n ti rí òmíràn?

Ẹnu mi ló kó bá mi. Lánàá ó bi mí pé kí ni mo kọ sára ìgò. Mo ní, "Oxyopidae ni, Bàbá. Orúkọ tí àwọn onísáyẹ́ǹsì ń pe irú rẹ̀ nìyẹn. Ó túmọ̀ sí pé ojú wọn mú."

Ó pè é ní oògùn ojú. Kí la tún ń rẹ sínú ògógóró nílé yìí?

Mo fẹ́ bínú. Ṣùgbọ́n nírọ̀lẹ́ yìí ó jókòó ti máṣíìnì ìránṣọ rẹ̀, ó ń retí kí ojú là. Nígbà tó yá, ó na abẹ́rẹ́ sí mi.

"Bá mi ti òwú bọ̀ ọ́."