Ọkọ́ Mi Tó Wà Lẹ́nu Ọ̀nà Ọ́fíìsì

Èmi Muideen, télọ̀ ní Ìdí-Arère lọ́nà Alábàtà, ni mo ń kọ ọ́, ṣùgbọ́n Bàbá Ọláògún ló ń sọ ọ́. Wọn kò kàwé. Wọ́n ní kí n má bá wọn fi iyọ̀ sí i, kí n má sì bá wọn yọ ata kúrò. Lẹ́tà ni wọ́n fẹ́, wọ́n ní fóònù kì í ní ẹlẹ́rìí.

Abọ́sẹ̀dé ọmọ mi, ṣé dáadáa lo wà? Ọkọ rẹ ńkọ́, àwọn ọmọ ńkọ́? Ẹ kú ìnáwó Èkó. Olúwa kò ní jẹ́ kí ẹ ṣiṣẹ́ fún ẹni tí yóò gbàgbé yín. Ìyá rẹ ń kí ọ. Òjò ti rọ̀ lẹ́ẹ̀mejì, àgbàdo àwọn ẹlòmíì ti hù, tèmi kò tíì kan ilẹ̀, wàá sì gbọ́ ìdí rẹ̀.

Ọ̀rọ̀ tí o bá mi sọ lánàá dùn mí. O ní ọ̀gá kan pè ọ́ láti ọ́fíìsì ìjọba ní Ìbarà, pé kí o bẹ bàbá rẹ kó wá gbé ọkọ́ rẹ̀ kúrò lẹ́nu ọ̀nà àwọn. O wá ní kí n fi wọ́n sílẹ̀, pé ìwọ ni wàá máa bọ́ mi. Ṣé mo sọ fún ọ pé ebi ń pa mí ni?

Ọdún tí wọ́n bí ọ sí ilé ìwòsàn abúlé wa yìí náà ni wọ́n gbà mí síbẹ̀, kí n máa gbálẹ̀, kí n máa pọnmi, kí n máa ro àyíká, láti àárọ̀ títí oòrùn á fi kan àtàrí. Páàtì-táìmù ni wọ́n ń pè é. Ààbọ̀ ọjọ́, ààbọ̀ owó, n kò jà. Èmi àti Bàrákátù aláró ni, òun ló ń fọ aṣọ ibùsùn wọn kó tó lọ sídìí ìkòkò aró rẹ̀ lọ́sàn-án. Ìwọ ti di ìyá ọlọ́mọ mẹ́ta, a ṣì wà níbẹ̀. Oṣù tó kọjá ni wọ́n ní ká máa lọ sílé. Mo lọ bá wọn ní ọ́fíìsì Ìbarà yẹn, mo ní kò burú, owó ìfẹ̀yìntì wa dà? Ọ̀gá náà, ọmọ tí mo lè bí, ní àwọn tó ń ṣe odidi ọjọ́ nìkan ló ni ín, pé aláàbọ̀ ọjọ́ kò ní nǹkan kan.

Ìwọ lo mọ ìṣirò, bá mi rò ó. Ààbọ̀ iṣu, ṣé òfo ni? Ṣé ààbọ̀ ara mi ló darúgbó ni?

Ọmọbìnrin kan tẹ kọ̀ǹpútà, ó ní orúkọ mi kò sí níbẹ̀. Mo ní kó kọ́kọ́ kí i dáadáa kó tó tún bi í, bóyá inú ló ń bí i. Wọ́n rẹ́rìn-ín. Ọ̀gá ní kí n fi ẹ̀sùn mi ránṣẹ́ nípa íméèlì. Mo lọ sí Kuto, mo bi gbogbo awakọ̀ gáréèjì, kò sí èyí tó ń gbé e. Ọ̀kan ní òun lè bá mi gbé e dé Ìbàdàn.

Ni mo bá rántí bàbá mi. Àgbẹ̀ ni wọ́n, àáró ni wọ́n ń ṣe: bá mi roko lónìí, n ó bá ọ ro tìrẹ lọ́la. Ẹni tó bá ṣe ààbọ̀ ọjọ́, ààbọ̀ ọjọ́ ni wọn yóò bá a ṣe padà, kò sẹ́ni tó jẹ́ sọ pé ààbọ̀ kì í ṣe iṣẹ́. Bí ẹnìkan bá kọ̀ tí kò san án, bàbá mi yóò gbé ọkọ́ dábùú ẹnu ọ̀nà rẹ̀. Ajigbèsè àáró kì í ré ọkọ́ bẹ́ẹ̀ kọjá, àfi kó gbé e, kó tẹ̀ lé olóko lọ. Èmi náà gbé tèmi dábùú ẹnu ọ̀nà wọn, mo ní bí kò bá sí owó, kí wọ́n wá bá mi roko. Àwọn akọ̀wé kéékèèké ń fò ó bí ọ̀pọ̀lọ́. Ṣùgbọ́n ọ̀gá, Ẹ̀gbá bíi tèmi ni, ó mọ ohun tó jẹ́. Bàrákátù fojú rí i, ilẹ̀kùn ẹ̀yìn tí wọ́n ń kó pàǹtí gbà ló ń gbà wọlé báyìí, tó ń ká ṣòkòtò sókè.

Abọ́sẹ̀dé, orúkọ mi kò sí nínú kọ̀ǹpútà, ibo ni wọ́n wá ti rí nọ́ńbà rẹ? Inú rẹ̀ náà ni! Ó mọ ọmọ, kò mọ bàbá. Bó bá tún pè ọ́, má bẹ̀ ẹ́, ohun tí wàá bi í nìyẹn.

Ìwọ lè bọ́ mi, mo mọ̀. Bàrákátù kò bí ẹnìkankan sí Èkó. Ta ni yóò bọ́ òun? Ìdí tí n kò fi ní gbé ọkọ́ náà nìyẹn.

Nítorí náà, má fi owó oúnjẹ ránṣẹ́. Fi owó ọkọ̀ Ìbarà ránṣẹ́, kí o sì fi owó ọkọ́ tuntun lé e, nítorí èyí tí mo ní wà lẹ́nu iṣẹ́ ìjọba, odidi ọjọ́ ló sì ń ṣe.

Ohun tí o bá gbìn, ìwọ ni wàá kórè rẹ̀.

Bàbá rẹ, Ọláògún, ìka rẹ̀ rèé.

Àwọn ẹlẹ́rìí: Bàrákátù aláró, òun náà tẹ ìka, aró ọwọ́ rẹ̀ ló fi tẹ̀ ẹ́, àti Ọládipọ̀, baálẹ̀ Ìdí-Arère.