Omi tí mo fà fún wọn

Ọjọ́bọ, ìrọ̀lẹ́

Ẹ̀gbọ́n ọkọ mi ti mọ ògiri sí àárín ilé wa ní Ìlàrè. Omi tí èmi fọwọ́ ara mi fà nínú kànga ni wọ́n fi po sìmẹ́ǹtì ẹ̀.

Kóòtù sì ti lẹ ìwé mọ́ ẹnu ọ̀nà, pé kẹ́nikẹ́ni má mọ nǹkan kan, kó má wó nǹkan kan, títí ẹjọ́ ilé tí bàbá wọn fi sílẹ̀ á fi parí. Ọkọ mi, Bàbá Àyọ̀, ló bẹ̀bẹ̀ fún àṣẹ yẹn ní kóòtù. Mi ò lè kà á tán, àmọ́ mo mọ ohun tó wà níbẹ̀.

Mo kúnlẹ̀ kí Ẹ̀gbọ́n nígbà tí wọ́n kó bíríkìlà wọlé. Wọ́n ní, "Ìyàwó, omi dà? Àbí kóòtù ti ní kó o má pọnmi fún ọkọ ẹ mọ́?"

Àwọn bíríkìlà rẹ́rìn-ín. Mo sáré gbé korobá, tọmọtọmọ lẹ́yìn mi.

Wọ́n á sọ ní kóòtù pé ìyàwó ilé náà ló bá wọn fa omi. Kí ni Bàbá Àyọ̀ máa wá sọ…

Mo ti gbé fóònù lẹ́ẹ̀mejì, mo tún gbé e sílẹ̀.

Bàbá Àyọ̀, ẹ má bínú sí mi. Sìmẹ́ǹtì yẹn ò tíì gbẹ. Ẹ jọ̀ọ́, ẹ máa bọ̀ nílé.