Bàbá Jùbrílù Ṣéhù, Ẹni Tí Ó Ṣọ́ Egungun Awalẹ̀

Ní Kémta, Abẹ́òkúta, ni wọ́n ti bí bàbá wa, Jùbrílù Àkànní Ṣéhù, lọ́dún 1922, ní agbo ilé Ṣéhù oníṣòwò obì. Àlímọ̀tù, ọmọ Ìtòkò, ni ìyá wọn. Wọ́n ka kéú dé ìdajì Kùránì, wọ́n sì dé ìwé kẹta kí bàbá wọn tó ṣaláìsí. Iṣẹ́ kànga gbígbẹ́ ni wọ́n gbà mú. Ọ̀pọ̀ kànga tí a ṣì ń pọn ní Kémta, àwọn ni wọ́n gbẹ́ ẹ.

Ọdún 1949 ni wọ́n fẹ́ ìyá wa, Sàfúrátù. Ní 1965, wọ́n bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́ níbi tí wọ́n ti ń fọ́ òkúta nítòsí Wásinmi, wọ́n sì di ẹni tí ń fi àsíá pupa darí katapílà. Àwọn náà ni wọ́n ń pe ìrun fún àwọn òṣìṣẹ́ Mùsùlùmí.

Ní oṣù kọkànlá 1979, katapílà hú egungun ńlá kan síta nínú amọ̀ tó bo òkúta. Èékánná tó wà lẹ́bàá rẹ̀ gùn ju ìka ọwọ́ èèyàn lọ. Bàbá ju àsíá sílẹ̀, wọ́n jókòó síwájú katapílà.

"Bàbá Jùbrílù, ẹ dìde! Egungun màlúù lásán ni," ni ọ̀gá wọn, Dìran, wí.

"Ọ̀gá, màlúù kì í ní èékánná. Ẹ jẹ́ ká bi ẹni tó mọ̀ ká tó fọ́ ọ."

Dìran fi ìbínú darí katapílà gba apá ibòmíràn, ṣùgbọ́n ó lé Bàbá kúrò lẹ́nu iṣẹ́. Oṣù mẹ́jọ ni ìyá wa fi ń yan gààrí bọ́ gbogbo wa. "Nítorí egungun, Bàbá Bùsírátù?" ni Màmá máa ń bi wọ́n. Ní ọ̀sẹ̀ kọ̀ọ̀kan, Bàbá á wọ ọkọ̀ lọ sí Wásinmi, lọ tún tapólì tí wọ́n fi bo egungun náà ṣe, kí òjò má bàa bà á jẹ́. Nígbà tí òjò oṣù kẹrin dé, Màmá bọ́ sọ́kọ̀ tẹ̀lé wọn, wọ́n sì di etí kejì tapólì náà mú.

Bùsírátù, àkọ́bí wọn, tó jẹ́ tíṣà, ló kọ lẹ́tà sí yunifásítì ní Ìbàdàn. Ní oṣù kẹfà 1980, Dókítà Yéwándé, onímọ̀ nípa egungun àtijọ́, wá bá Bàbá ní Wásinmi, wọ́n sì kúnlẹ̀ sínú amọ̀.

"Bàbá, ìbátan ẹṣin ni. Pátákò ni ti àwọn ẹbí rẹ̀, ṣùgbọ́n èékánná ni òun fi ń walẹ̀, tó fi ń hú gbòǹgbò jẹ."

"Níbo ni àwọn yòókù wà?"

"Wọ́n ti run tán, Bàbá. Ó ti ju mílíọ̀nù ọdún lọ."

"Kò ku ẹyọ kan?"

"Kò ku ẹyọ kan."

Bàbá tẹ́wọ́, wọ́n ṣàdúà fún un. Àwọn òṣìṣẹ́ bú sẹ́rìn-ín. Bàbá wò wọ́n, wọ́n ní, "Ta ló kù tí yóò ṣe é fún un?" Dìran ló kọ́kọ́ ṣe àmín. Lóṣù tó tẹ̀ lé e, ó pe Bàbá padà sẹ́nu iṣẹ́.

Awalẹ̀ ni Bàbá sọ ẹranko náà. Wọ́n bá Dókítà fi búrọ́ọ̀ṣì nu egungun rẹ̀ lọ́kọ̀ọ̀kan, wọ́n sì sìn ín dé Ìbàdàn nínú ọkọ̀. Wọ́n fẹ̀yìn tì ní 1984. Ọdún méjì lẹ́yìn náà, ojú wọn fọ́. Ní 1987, Dókítà ní kí àwọn àti Màmá wá kí Awalẹ̀ ní Ìbàdàn. Bàbá fọwọ́ tọ́ egungun náà títí dé èékánná, wọ́n wá fa ọwọ́ ìyá wa sórí rẹ̀: "Sàfúrátù, fọwọ́ kàn án. Àwa méjèèjì la jọ ṣọ́ ọ." Màmá sunkún.

Bàbá jáde láyé lẹ́yìn ìrun alásárì, ní ọjọ́ kẹsàn-án oṣù kẹta 1988. Màmá Sàfúrátù, àwọn ọmọ àti àwọn ọmọ-ọmọ ló gbẹ̀yìn wọn. Àwọn ọmọ wọn ni Bùsírátù, Mùsílíù àti Títílọlá. Ọmọ-ọmọ wọn jẹ́ mẹ́rìnlá.

Kí Ọba Alánùú fi àlùjánnà ṣe ilé wọn. Màmá, tí wọ́n bá wọn gbé fún ọdún mọ́kàndínlógójì, ní kí a kọ èyí síbí fún àwọn: "Ẹ sùn ire, olówó orí mi. Mo ń bá yín tọ́jú ilé."